Agbẹjọ́rò, Àyíká àti Iná Mànàmáná: Ohun Tí Òfin Tuntun Túmọ̀ Sí fún Ìsọlọ̀

Ní oṣù Kejìlá ọdún 2024, Gómìnà Babájídé Sanwó-Olú buwọ́ lu Òfin Iná Mànàmáná Ìpínlẹ̀ Èkó. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ka ìròyìn náà bí ọ̀rọ̀ àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ nìkan. Lójú tiwa, ọ̀rọ̀ òfin ni kí ó tó di ọ̀rọ̀ wáyà. A fẹ́ fi iṣẹ́ ọ̀kan nínú àwọn agbẹjọ́rò tí wọ́n ti rìn ní ọ̀nà yìí, Ọ̀jọ̀gbọ́n Yẹmí Ọ̀ṣínbàjò, ṣàlàyé rẹ̀, kí a sì wo ohun tí ó kan àgbègbè ilé-iṣẹ́ ńláńlá Ìsọlọ̀.

Iṣẹ́ aṣọ híhun wà lára ohun tí ó sọ Ìsọlọ̀ di olókìkí nígbà kan. Ọjà Aswani, tí a ń ná ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun, gba orúkọ rẹ̀ lára irú ilé-iṣẹ́ bẹ́ẹ̀. Púpọ̀ nínú àwọn ilé-iṣẹ́ aṣọ ilẹ̀ wa ti kógbá wọlé. Aṣọ òkèèrè olówó pọ́ọ́kú wà lára ohun tí ó fà á, iná tí kò dúró sójú kan náà sì wà níbẹ̀. Àwọn ilé-iṣẹ́ tí ó ṣì ń ṣiṣẹ́ ń fi jẹnẹrétọ̀ gbé ara wọn ró. Owó epo wọn wọ inú iye tí a ń ra ọjà, èéfín rẹ̀ sì wọ yàrá àwọn tí ilé wọn múlé ti ilé-iṣẹ́. Nítorí náà, ọ̀rọ̀ iná àti ọ̀rọ̀ àyíká kò ṣeé yà sọ́tọ̀ níbẹ̀.

Ọ̀jọ̀gbọ́n Ọ̀ṣínbàjò gba oyè òfin ní Yunifásítì Èkó ní ọdún 1978, ó sì gba oyè kejì ní London ní ọdún 1980. Òfin nípa ẹ̀rí níwájú ilé ẹjọ́ ni àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mọ̀ ọ́n mọ́. Láti ọdún 1999 títí di ọdún 2007, òun ni Agbẹjọ́rò Àgbà àti Kọmíṣọ́nà fún Ètò Ìdájọ́ ní Èkó. Ní àsìkò yẹn ni ìpínlẹ̀ wa bá ìjọba àpapọ̀ ṣe ẹjọ́ lórí ẹni tí ó ní àṣẹ láti ṣètò ìlú àti láti fọwọ́ sí ilé kíkọ́. Ìjọba àpapọ̀ ní ojúṣe òun láti dáàbò bo àyíká, èyí tí ó wà nínú ìwé òfin ilẹ̀ Nàìjíríà, fún òun ní àṣẹ náà. Ní ọdún 2003, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ dá Èkó láre: ìpínlẹ̀ ni ó ni ètò ìlú.

Nígbà tí ó di Igbákejì Ààrẹ ní ọdún 2015, iṣẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í sún mọ́ ọ̀rọ̀ agbára iná. Ètò ìmúpadàbọ̀sípò ọrọ̀ ajé ti ọdún 2020, tí ó darí ìgbìmọ̀ rẹ̀, ní i lọ́kàn láti fi iná oòrùn dé ilé mílíọ̀nù 5. Ní oṣù Kẹjọ ọdún 2022, ó ṣí Ètò Ìyípadà Agbára, tí ó sọ bí Nàìjíríà yóò ṣe dín èéfín rẹ̀ kù kí ó tó di ọdún 2060. Síbẹ̀, kò gbà pé kí àwọn orílẹ̀-èdè olówó dédé dá owó gáàsì ilẹ̀ Áfíríkà dúró. Ó ní ẹni tí kò tíì rí iná tàn kò lè gbé ẹrù kan náà pẹ̀lú ẹni tí ó ti fi èéfín kọ́lé.

Kì í ṣe òun ni ó kọ òfin Èkó ti ọdún 2024, ṣùgbọ́n ìbéèrè ọdún 2003 ni ó tún padà wá: ta ni ó ní àṣẹ? Tẹ́lẹ̀, ìpínlẹ̀ kò lè dá iná ṣètò níbi tí wáyà àpapọ̀ orílẹ̀-èdè bá ti dé. Àtúnṣe ìwé òfin ti oṣù Kẹta ọdún 2023 mú ìdènà yẹn kúrò. Ní oṣù Kẹfà ọdún kan náà, Ààrẹ Bọ́lá Ahmed Tinúbú buwọ́ lu Òfin Iná Mànàmáná ti orílẹ̀-èdè. Lẹ́yìn náà ni Èkó ṣe tirẹ̀, tí àjọ LASERC sì di alábòójútó iná ní ìpínlẹ̀ yìí.

Kí ni èyí túmọ̀ sí fún Ìsọlọ̀? Èkíní, iye owó iná àti ẹ̀sùn oníbàárà ti di ohun tí a ó máa bójú tó ní Èkó níbí. Èyí kì í ṣe ohun kékeré. Ní oṣù Kẹrin ọdún 2024, owó iná àwọn oníbàárà ìpele A, tí a ṣèlérí iná wákàtí 20 fún lójúmọ́, fò láti nǹkan bíi ₦68 sí ₦225 fún kilowatt kan ní wákàtí kan. Èkejì, àwọn ilé-iṣẹ́ tí ó wà ní àgbègbè kan lè rí olùpèsè iná tí yóò gba ìwé àṣẹ lọ́dọ̀ ìpínlẹ̀ láti sìn wọ́n. Ẹ̀kẹta, Òfin Àyípadà Ojú Ọjọ́ ti ọdún 2021 pa á láṣẹ pé kí ilé-iṣẹ́ tí ó bá ní òṣìṣẹ́ 50 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ yan ẹni tí yóò máa mójú tó ọ̀rọ̀ èéfín rẹ̀.

A kò ní tan ará ìlú jẹ. Òfin kì í tan iná. Gáàsì tí àwọn ẹ̀rọ amúnáwá ń lò ní owó tirẹ̀, wáyà àti tiransifọ́mà náà ń fẹ́ owó, wáyà àpapọ̀ ṣì ni ọ̀pọ̀ iná ń gbà wọlé. Ṣùgbọ́n ohun kan ti yí padà. Nígbà tí àṣẹ wà ní Àbújá, a lè nawọ́ síbẹ̀ bí iná bá lọ. Ní báyìí, àṣẹ ti wọlé, ojúṣe sì ti tẹ̀ lé e.

Nítorí náà, a rọ ẹ̀yin ará Ọ̀ṣòdì àti Ìsọlọ̀, onílé-iṣẹ́, òṣìṣẹ́ àti onílé, kí ẹ mọ ìpele tí a fi yín sí, kí ẹ máa kọ iye wákàtí tí iná ń wà sílẹ̀, kí ẹ sì kọ́kọ́ mú ẹ̀sùn yín lọ sí ọ́fíìsì iléeṣẹ́ apínná, kí ẹ tó gbé e dé ọ̀dọ̀ àjọ náà bí wọn kò bá dáhùn. Ẹ̀tọ́ tí a kò bá bèèrè, òkú ẹ̀tọ́ ni. Ọjọ́ tí òṣìṣẹ́ bá ṣiṣẹ́ àṣemọ́jú ní Ìsọlọ̀ tí aládùúgbò rẹ̀ kò sì gbọ́ ariwo jẹnẹrétọ̀, ọjọ́ náà ni a ó mọ̀ pé òfin yìí ti ṣiṣẹ́.