Kí ọmọ wa má mọ ilé fún òkú nìkan

Ẹ̀yin ọmọ Oòduà ní Kàdúná, reluwé ló gbé púpọ̀ nínú àwọn bàbá wa wá síbí. Àmọ́ ọmọ tí a bí síbí, ìsìnkú àti ìgbéyàwó nìkan ló ń gbé e délé. Kò dáa tó.

Tí họ́lídè bá dé, ẹ jẹ́ ká yọ díẹ̀ nínú owó aṣọ ẹbí. Ká kó ọmọ mẹ́wàá péré pẹ̀lú àgbà kan tó mọ̀nà. Èrò rẹpẹtẹ kì í gbọ́ ìtàn. Kí wọ́n wọ reluwé ní Mọ́níyà n'Ìbàdàn láàárọ̀, kí wọ́n gba Abẹ́òkúta dé Èbúté-Mẹ́ta, kí wọ́n wọkọ̀ ojú omi lọ sí Màkókò. Àwọn Ègùn apẹja ibẹ̀, tí ìjọba wó lára ilé wọn ní 2012, ni kó sọ̀rọ̀ fún wọn. Ọmọ àtìpó ló yẹ kó gbọ́ ọ.