Èbúté Láìsí Ojú Irin: Àṣìṣe Tí Èkó Kò Gbọdọ̀ Tún Ṣe

Ní oṣù Kìíní ọdún 2023, Ààrẹ Muhammadu Buhari ṣí èbúté ńlá tó wà ní Lekki. Omi ibẹ̀ jìn tó mítà 16.5, èyí tó mú kí àwọn ọkọ̀ òkun tí Apapa kò lè gbà lè gúnlẹ̀ síbẹ̀. Ohun ìdùnnú ni. Ṣùgbọ́n nǹkan kan kù nínú iṣẹ́ ńlá náà: lọ́jọ́ tí wọ́n ṣí i, kò sí ojú irin kankan tó wọ inú rẹ̀. Ẹrù tó bá sọ̀ síbẹ̀, yálà kó gba orí títì jáde tàbí kó tún padà sójú omi. Ẹni tó bá mọ ohun tí ojú àwọn ará Apapa ti rí yóò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe kékeré.

Àwọn òyìnbó amúnisìn tó kọ́kọ́ la ojú irin ní Èkó kò ṣe é nítorí ìfẹ́ tí wọ́n ní sí ọmọ onílẹ̀. Kòkó, ekuro, òwú àti ẹ̀pà ni wọ́n ń wá. Síbẹ̀, wọ́n mọ̀ pé èbúté tí kò ní ọ̀nà tó já gaara sí oko àti ọjà, etí omi lásán ni. Láti Ìddó ni ojú irin náà ti gbéra. Ó dé Ìbàdàn ní 1901, nígbà tó sì fi máa di 1912, ó ti so Èkó pọ̀ mọ́ Kano. Nígbà tí wọ́n kọ́ èbúté Apapa, tí iṣẹ́ ibẹ̀ sì parí ní 1926, ojú irin wà lára rẹ̀. Ẹ̀pà tí wọ́n tò bí òkè sí Kano, ọkọ̀ ojú irin ló ń gbé e dé etí òkun. Èrò ọkàn wọn kò dára, ṣùgbọ́n ìṣirò wọn pé.

Ìṣirò náà kò sì le. Bí ẹ̀rọ ọkọ̀ ojú irin kan bá fa ọkọ̀ akẹ́rù 20 tó so mọ́ra wọn, tí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn gbé kọ̀ǹténà ńlá kan, tírélà 20 ló ti gbà kúrò lójú títì lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Bí ó bá ṣe bẹ́ẹ̀ nígbà márùn-ún lóòjọ́, ó di tírélà 100.

Ibo wá ni nǹkan ti wọ́? Ní 1975, ìjọba àpapọ̀ ra sìmẹ́ǹtì kọjá èyí tí èbúté Èkó lè gbà, ọgọ́rọ̀ọ̀rún ọkọ̀ sì tò sórí òkun, wọ́n ń retí àyè tí wọn yóò gúnlẹ̀ sí. Láti yanjú ìyẹn ni ìjọba ṣe fi ìkánjú kọ́ èbúté Tin Can, tí wọ́n sì ṣí i ní 1977, láìfa ojú irin wọ inú rẹ̀. Láàárín àkókò kan náà, títì ńláńlá ń pọ̀ sí i, àbójútó ojú irin àtijọ́ sì ń dínkù. Nígbà tó yá, ìlà tó wà lórí òkun ṣí wá sórí ilẹ̀. Tírélà gba títì Òṣòdì sí Apapa kan. Awakọ̀ ń sùn nínú ọkọ̀ fún ọ̀pọ̀ ọjọ́, ilé ìtajà ń kó kúrò, owó tí oníṣòwò ń ná lórí ẹrù sì ń di gbèsè lọ́rùn ẹni tó ń rajà ní Bódìjà àti Ọjà-Ọba.

Ní 2021, àwọn aláṣẹ èbúté gbé ìlànà kan jáde tí wọ́n pè ní Ètò, èyí tó ń fún tírélà ní àkókò tí yóò wọ èbúté. Ó ṣe ìrànwọ́. Ṣùgbọ́n títo ìlà lọ́wọ̀ọ̀wọ́ kọ́ ni dídín ìlà kù.

Lóṣù Kẹfà ọdún kan náà ni ojú irin tuntun láti Èkó dé Ìbàdàn bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, ẹ̀ka rẹ̀ sì wọ inú èbúté Apapa. Ìgbésẹ̀ gidi ni, àmọ́ ìdí pàtàkì méjì wà tí kò fi tíì tó. Èkíní, Ìbàdàn ló parí sí. Mìlímítà 1,435 ni àlàfo tó wà láàárín irin rẹ̀ méjèèjì, nígbà tí ti àtijọ́ tó lọ sí Kano jẹ́ 1,067. Ọkọ̀ ti ọ̀kan kò lè rìn lórí èkejì. Ẹrù tó bá fẹ́ kọjá Ìbàdàn gbọ́dọ̀ sọ̀, kó tún gun òmíràn. Èkejì, èrò ni gbogbo ayé ń pariwo, bẹ́ẹ̀ ẹrù ló ń fọ́ títì.

Àwọn kan yóò bèèrè pé kí ni awakọ̀ tírélà yóò wá jẹ. Ìbéèrè tó tọ́ ni. Ìdáhùn rẹ̀ ni pé ọkọ̀ ojú irin kì í wọ ilé ìkẹ́rùsí ẹnikẹ́ni. Láti Mọníyà dé ọjà, tírélà náà ni yóò gbé e. Awakọ̀ tó ń lọ tó ń bọ̀ lẹ́ẹ̀mẹta lóòjọ́ sàn ju èyí tó fi ọ̀sẹ̀ kan jókòó sórí afárá lọ. Ọ̀nà kan kò wọ ọjà.

Láti oṣù Kẹta ọdún 2023, òfin orílẹ̀-èdè ti fún àwọn ìpínlẹ̀ náà láṣẹ lórí ọ̀rọ̀ ojú irin. Èkó àti Ògùn kò lè máa di gbogbo ẹ̀bi ru Abuja mọ́. Kí wọ́n jọ jókòó pẹ̀lú ìjọba àpapọ̀ lórí ojú irin Lekki kí títì ibẹ̀ tó di Apapa kejì. Bí èbúté tí wọ́n ti ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ tipẹ́ ní Badagry yóò bá sì wáyé, kí ẹnikẹ́ni má ṣe fọwọ́ sí àwòrán rẹ̀ bí kò bá sí ojú irin níbẹ̀. Igi gogoro má gùn-ún mi lójú, òkèèrè la ti ń wò ó. Ti Lekki ti súnmọ́ ojú. Ti Badagry ṣì wà lókèèrè.