Jíìnì Olówó Ńlá: Ọjà Tó Gbóná Lè Tutù

Lẹ́tà kan tẹ̀ mí lọ́wọ́ láti Lọ́ńdọ̀nù ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá. Akẹ́kọ̀ọ́ mi nígbà kan rí ni ẹni tó kọ ọ́, ó ti di géńdé báyìí, ó sì ń ṣiṣẹ́ òru níbẹ̀. Ó ní: "Tísà, mo ti fi £8,000 pamọ́. Àwọn ọ̀rẹ́ mi méjì ní kí a dá owó jọ, kí a máa ta jíìnì olówó ńlá tí orúkọ tiwa yóò wà lára ìgò rẹ̀. Wọ́n ní gbogbo Ìlú Gẹ̀ẹ́sì ló ń mu ún. Kí ni ẹ rí sí i?"

Owó tí ènìyàn fi oorun rẹ̀ wá kì í ṣe owó tí à ń fi ṣeré. Èmi fúnra mi kò tíì dàgbà púpọ̀, ṣùgbọ́n àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Nítorí pé irú ọ̀rọ̀ yìí lè kan ọmọ ẹnikẹ́ni nínú yín tó wà ní òkè òkun, mo ní kí n dá a lóhùn ní gbangba.

Jíìnì kì í ṣe ọtí tuntun. Ọwọ́ àwọn ará Họ́láńdì ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì ti kọ́ ọ, àwọn kan náà tí wọ́n kó sínáàpù wá fún àwọn baba wa, èyí tí a ṣì fi ń wúre níbi ìgbéyàwó títí di òní. William ará Họ́láńdì dé Ìlú Gẹ̀ẹ́sì ní 1688, ó sì jọba ní ọdún kejì. Ní 1690 òfin ṣí ọ̀nà sílẹ̀ fún àwọn ènìyàn láti máa fi ọkà pọn ọtí líle. Ọtí náà wá pọ̀ lọ jàra, àwọn tálákà Lọ́ńdọ̀nù sì ń mu ún bí ẹni mu omi. Ìjọba gbìyànjú ní 1736, wọ́n ní kí ẹni tí yóò bá tà á máa san £50 lọ́dọọdún gbàwé àṣẹ. Kí ni àwọn ènìyàn ṣe? Wọ́n ń tà á ní kọ̀rọ̀, títí wọ́n fi pa òfin náà rẹ́ ní 1743. Òfin 1751 ni ó ṣẹ̀ṣẹ̀ wá mú nǹkan rọlẹ̀ díẹ̀.

Báwo wá ni ọtí mẹ̀kúnnù ṣe di ọtí olówó? Láàárín àwọn ọdún 1980 ni Bombay Sapphire jáde nínú ìgò aláwọ̀ ojú ọ̀run. Ní 1999 ni Hendrick's jáde ní Skọ́tíláǹdì, tí wọ́n fi kùkúńbà àti òdòdó rósì sí i. Ṣùgbọ́n 2009 gan-an ni ilẹ̀kùn ṣí. Ṣáájú ìgbà náà, ìjọba kì í fẹ́ fún ẹni tí ìkòkò ìpọntí rẹ̀ kò bá gba 1,800 lítà ní ìwé àṣẹ. Àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin tó dá Sipsmith sílẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù fi ìkòkò bàbà kékeré bá wọn fà á títí wọ́n fi gbàwé náà. Bí wọ́n ti rí i gbà ni àwọn ẹlòmíràn rọ́ tẹ̀lé wọn. Ní 2016 ilé iṣẹ́ ńlá kan, Beam Suntory, ra Sipsmith. Ní 2017 àwọn tó ń ka ìṣirò iye owó ọjà fún ìjọba dá jíìnì padà sínú apẹ̀rẹ̀ ọjà tí wọ́n ń wò, lẹ́yìn ọdún 13 tí wọ́n ti yọ ọ́. Ìgò tí wọ́n tà nílé ní 2018 sì lé ní 60 mílíọ̀nù.

Ìdí kan wà tí ọ̀pọ̀ ènìyàn kò mọ̀. Wísíkì Skọ́tíláǹdì gbọ́dọ̀ sùn nínú àgbá igi fún ọdún mẹ́ta kí òfin tó gbà pé wísíkì ni. Jíìnì kò ní ìdúró. Ọtí líle tí kò ní adùn kan lára ni, tí a fi èso junípà àti àwọn èèpo àti egbòogi sè. Bí a bá pọn ọ́ lónìí, a lè tà á lọ́la. Nítorí náà ni ọ̀pọ̀ ilé ìpọntí tuntun ṣe ń ta jíìnì kí wọ́n fi rówó jẹun títí wísíkì wọn yóò fi gbó.

Ọmọ mi, ibi tí ó ti rọrùn láti wọlé, ibẹ̀ náà ni èrò ti ń pọ̀ jù. Lẹ́yìn àwọn ọdún ọ̀yàyà yẹn, ọjà náà rọlẹ̀, pẹpẹ kún fún oríṣiríṣi ìgò, àwọn kan nínú àwọn ilé ìpọntí kéékèèké ti ìlẹ̀kùn, àwọn amutí sì yíjú sí rọ́ọ̀mù àti tẹkílà. Wo Fever-Tree, tó ń ṣe omi tónííkì tí wọ́n fi ń lú jíìnì. Ní 2014, 134 pẹ́ńsì ni wọ́n fi ta ìpín kan nínú rẹ̀. Nígbà tó di 2018 ó ti lé ní £35. Kí ọdún méjì tó pé lẹ́yìn náà, ó ti sọ ju ìdajì iye rẹ̀ nù. Ẹni tó tètè rà á jèrè. Ẹni tó gbọ́ ariwo kó tó sáré wọlé ni ó jẹ gbèsè.

Jẹ́ kí á ṣe ìṣirò bí a ti máa ń ṣe é ní kíláàsì. Ní February 2025, owó orí ọtí líle di £32.79 lórí lítà ọtí pọ́ńbélé kan. Ìgò 70 sẹ̀ńtílítà tí agbára rẹ̀ jẹ́ 40 nínú 100 ní 0.28 lítà ọtí pọ́ńbélé. Sọ ọ́ di púpọ̀: ó lé ní £9. Owó ìjọba ni ìyẹn, o kò tíì ra ìgò, o kò tíì ra ìdérí, o kò tíì tẹ ìwé ara ìgò, ẹni tó ni ṣọ́ọ̀bù kò tíì mú tirẹ̀. Owó orí ọjà 20 nínú 100 tún ń bọ̀ lórí gbogbo rẹ̀. Àwọn ilé ìpọntí ńlá lè fara da èyí. Ṣé £8,000 rẹ lè fara dà á?

Nítorí náà, bi àwọn ọ̀rẹ́ rẹ ní ìbéèrè mẹ́ta. Èkíní: ta ni yóò pọn ọtí náà? Bí ó bá jẹ́ pé ilé ìpọntí ẹlòmíràn ni, orúkọ ara ìgò nìkan ni ẹ ní. Èkejì: ṣọ́ọ̀bù wo ni ó ti ṣèlérí lórí ìwé pé òun yóò rà á? Ẹ̀kẹta: bí ó bá kùnà, ta ni gbèsè yóò já lé lórí? Bí wọ́n bá ń fi ẹ̀rín dá ọ lóhùn, mú owó rẹ, kí o sì máa lọ.

Bí ọkàn rẹ bá ṣì wà níbẹ̀, wá iṣẹ́ sí ilé ìpọntí kan fún ọdún kan ná, kí wọ́n máa sanwó fún ọ bí o ti ń kọ́ iṣẹ́. Ọjà kò ní sá lọ. Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ ni ejò ń gun àgbọn. Bí o bá ti pinnu, kọ̀wé sí mi, kí o sì kọ́kọ́ kọ sí ìyá rẹ.

Ó tún di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. Kí Ọlọ́run má jẹ́ kí á ṣe làálàá asán.