Ẹ San Owó Ilẹ̀ Bí Ó Ti Yẹ

A kò lòdì sí i pé kí Ìjọba gba ilẹ̀ fún ire ìlú. Àwọn ilé tí Ìjọba Jakande (1979 sí 1983) kọ́ sí Òkè-Àfá, ní Ìsọlọ̀, di ibùgbé fún ọ̀pọ̀ mẹ̀kúnnù. Ṣùgbọ́n èló ni ó tọ́ sí onílẹ̀?

Òfin Ilẹ̀ ti 1978 ní kí a san owó ilé àti ohun ọ̀gbìn. Ní ti ilẹ̀ fúnra rẹ̀, kìkì owó ilẹ̀ tí onílẹ̀ bá san fún Ìjọba lọ́dún náà ni a ó dá padà. Àgbẹ̀ tí kì í san irú owó bẹ́ẹ̀ kò ní í gba kọ́bọ̀ lórí ilẹ̀ baba rẹ̀.

Ní 1921, Olóyè Àmọ́dù Tìjání Olúwa jàre Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní Lọ́ńdọ̀nù lórí ilẹ̀ Àpápá. Ìdájọ́ náà ni pé kí a san owó fún àwọn onílẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹni tí ó ni ilẹ̀ pátápátá. Ǹjẹ́ ohun tí a gbà lọ́wọ́ àjèjì ni Ìjọba tiwa yóò fi dù wá?

Kí àwọn Aṣòfin tún òfin yìí ṣe. Kí a san iye tí ilẹ̀ tó lọ́jà, kí a sì san án kí katakata tó wọ oko. Ẹni tí ó bá ta ará ilé rẹ̀ lọ́pọ̀, kò ní í rí i rà lọ́wọ̀n-ọ́n.