Ilẹ̀ balùwẹ̀, iṣẹ́ omi ni, kì í ṣe iṣẹ́ ẹwà

1/ Ẹ̀yin èèyàn mi, ọ̀rọ̀ yìí máa gùn díẹ̀, ẹ fara balẹ̀ kà á. Ohun tí mo fẹ́ sọ ò ju ẹyọ kan lọ: nínú balùwẹ̀, táìlì kọ́ ni ilẹ̀. Ohun tó wà lábẹ́ táìlì gan-an ni ilẹ̀. Tówó yín ò bá tó méjèèjì, abẹ́ ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ náwó sí.

2/ Ìdí tí mo fi ń sọ ọ́ ni pé àwa ọ̀dọ́ náà ti wà nídìí iṣẹ́ yìí báyìí. Owó díẹ̀ wọlé, ohun tó kàn ni "ẹ jẹ́ n bá màmá mi tún balùwẹ̀ ṣe." Ohun tó dáa ni, Ọlọ́run á fún wa ṣe. A ya fọ́tò ilẹ̀ àtijọ́, a ya ti tuntun, a gbé e síta, gbogbo ayé ń pàtẹ́wọ́. Ṣùgbọ́n ta ló ń ya fọ́tò omi tó dúró ní kọ̀rọ̀ lẹ́yìn oṣù mẹ́ta?

3/ Ọ̀pọ̀ èèyàn gbà pé táìlì ló ń dí omi lọ́nà. Irọ́ ni o. Táìlì fúnra rẹ̀ lè má mu omi púpọ̀, àmọ́ àlàfo tó wà láàárín táìlì kan sí èkejì, tí wọ́n fi sìmẹ́ǹtì funfun dí, ń mu omi. Díẹ̀díẹ̀ lomi ń gba ibẹ̀ wọlẹ̀, lójoojúmọ́. Àwa tá a tún ń fi bọ́kẹ́ẹ̀tì wẹ̀, gbogbo ilẹ̀ ló ń tutù, kì í ṣe kọ̀rọ̀ kan.

4/ Omi ò lọ́tàá lóòótọ́, àmọ́ omi tó ti wọ abẹ́ táìlì ò mọ ọ̀rẹ́. Tó bá jẹ́ ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì lẹ̀ ń gbé, àjà ará ìsàlẹ̀ ló máa kọ́kọ́ fara hàn lára: àmì rúsúrúsú, ọ̀dà á bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí. Tó bá pẹ́, omi á kan irin inú kọnkéré. Irin á dípẹtà, á wú, kọnkéré á bẹ̀rẹ̀ sí í já lulẹ̀. Ìjà yín àti ará ìsàlẹ̀ dé nìyẹn, lánlọ́ọ̀dù á sì ní kẹ́ ẹ lọ yanjú ẹ̀ láàárín ara yín.

5/ Àwọn àgbà ní ilé tí a fi itọ́ mọ, ìrì ni yóò wó o. Lójú tèmi, irú ilé yẹn ni balùwẹ̀ tí wọ́n lẹ táìlì tuntun mọ́ orí táìlì àtijọ́. Mo mọ̀ pé ó yá, kò ní eruku, owó ẹ̀ sì kéré. Ní pálọ̀ tó gbẹ, mi ò ní bá yín jà. Nínú balùwẹ̀ ńkọ́? Ẹ ti bo ohun tó ń jò mọ́lẹ̀, ẹ tún ti gbé ilẹ̀ sókè. Ilẹ̀ tó ga sí i ti sún mọ́ ẹnu ọ̀nà, omi á wá máa rìn lọ sí yàrá.

6/ Torí náà, ẹ fọ́ ọ, títí dé sìmẹ́ǹtì abẹ́ rẹ̀. Ibi tí sìmẹ́ǹtì bá ti ń dún bíi pé abẹ́ rẹ̀ ṣófo, ẹ fọ́ ìyẹn náà. Kẹ́ni tó ń fọ́ ọ wọ gíláàsì ojú àti ìbọ̀wọ́, torí àfọ́kù táìlì mú bí abẹ. Ìgbà yẹn gan-an ni kẹ́ ẹ pe plọ́ńbà kó wá wo páìpù. Páìpù tẹ́ ẹ bá fi sílẹ̀ pé "ó ṣì ń ṣeé lò," òun ló máa jẹ́ kẹ́ ẹ fọ́ táìlì tuntun lọ́dún tó ń bọ̀.

7/ Ìdagẹ̀rẹ̀ ló kàn. Ilẹ̀ balùwẹ̀ gbọ́dọ̀ dà gẹ̀rẹ̀ sí ihò omi, nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 2 nínú mítà 1. Tí ogiri bá fi mítà 2 jìnnà sí ihò, ẹnu ihò máa fi sẹ̀ǹtímítà 4 relẹ̀ ju ẹsẹ̀ ogiri lọ. Sìmẹ́ǹtì àti yanrìn tí wọ́n fi tẹ́ ilẹ̀ ni wọ́n fi ń ṣe é. Tí wọ́n bá ti pàdánù ẹ̀ níbẹ̀, táìlì olówó ńlá ò lè dá a padà.

8/ Tí sìmẹ́ǹtì bá ti gbẹ, ẹ kun wọ́ọ̀tàpúrúùfù lẹ́ẹ̀mejì: ẹ kun tàkọ́kọ́ níbùú, ẹ jẹ́ kó gbẹ, ẹ kun ìkejì lóròó. Kó gun ogiri tó sẹ̀ǹtímítà 15 ó kéré tán, kí gbogbo igun àti etí ihò sì rí tiwọn. Tó bá gbẹ, ẹ dí ihò, ẹ da omi sílẹ̀ kó bo gbogbo ibẹ̀, ẹ fi í sílẹ̀ fún wákàtí 24. Kẹ́nì kan lọ wo àjà ìsàlẹ̀. Tó bá jò, ẹ dúpẹ́. Kò sígbà tó rọrùn láti mọ̀ bí ìgbà yẹn.

9/ "Ṣé táìlà ò mọ gbogbo èyí ni?" Ọ̀pọ̀ wọn mọ̀ ọ́n. Àmọ́ ẹ wo bí wọ́n ṣe ń sanwó fún wọn: iye mítà tí wọ́n bá lẹ̀ ni wọ́n fi ń ṣírò ẹ̀. Ta ló ń sanwó ìdagẹ̀rẹ̀? Ta ló ń sanwó ọjọ́ tí wọ́n fi dúró kí sìmẹ́ǹtì gbẹ? Ẹni tó bá bẹ iṣẹ́ oníkánjú, iṣẹ́ oníkánjú ló máa gbà. Ẹ kọ ìdagẹ̀rẹ̀, wọ́ọ̀tàpúrúùfù àti ìdánwò omi sínú àdéhùn, kí kálukú wọn ní owó tiẹ̀. Ìgbà yẹn lẹ lè béèrè.

10/ Tí wọ́n bá wá ń lẹ̀ ẹ́, ẹ dúró tì wọ́n díẹ̀. Kí gọ́ọ̀mù táìlì kárí gbogbo ẹ̀yìn táìlì, kì í ṣe kí wọ́n bu ú sójú márùn-ún bí ìṣù iyán. Àlàfo abẹ́ táìlì ni omi ń sá pamọ́ sí, ibẹ̀ náà ló sì máa ń fọ́ tí nǹkan wúwo bá já lé e. Lọ́jọ́ kejì, ẹ fi owó ẹyọ kan án lọ́kọ̀ọ̀kan. Èyí tó bá dún bí agbè òfìfo, kí wọ́n ṣí i.

11/ Ẹ jẹ́ ká bọ́ sórí táìlì fúnra ẹ̀, torí ẹ̀mí wà níbẹ̀. Àjọ Ìlera Àgbáyé, WHO, ní nǹkan bí èèyàn 684,000 ni ìṣubú ń pa lọ́dọọdún káàkiri àgbáyé, àwọn tó ti lé lọ́mọ 60 ọdún ló sì pọ̀ jù. Ẹ wá wo ohun tá à ń rà fún màmá tó ti lé lọ́mọ 65: táìlì tó ń dán bíi dígí. Ẹ da omi àti ọṣẹ lé e. Ẹ̀bùn tó lè dá egungun ìbàdí ìyá ẹni, ẹ má pè é ní ẹ̀bùn.

12/ Èyí tí ojú ẹ̀ há díẹ̀, tí kò dán, ni kẹ́ ẹ rà. Kó má tóbi jù: 30 sí 30 tàbí èyí tó kéré sí i. Ó rọrùn láti bá ìdagẹ̀rẹ̀ lọ, àlàfo ẹ̀ tó pọ̀ sì ń jẹ́ kí ẹsẹ̀ rí nǹkan dì mú. Àwọn páálí kan máa ń ní R9 títí dé R13 lára: bí nọ́ńbà bá ṣe ń ga sí i ni kì í yọ̀ sí i, R9 ló sì kéré jù. Tí kò bá sí i lára páálí, ẹ ní kí wọ́n da omi sórí ẹyọ kan níṣọ̀, ẹ bọ́ bàtà, ẹ fẹsẹ̀ yí i. Táìlì ogiri kì í ṣe ti ilẹ̀ o, kódà kó rẹwà.

13/ Mo gbọ́ yín: "Owó dà?" Ẹ jẹ́ ká ṣírò. Balùwẹ̀ tó jẹ́ mítà 1.5 sí mítà 2, mítà 3 níbùú lóròó ni ilẹ̀ ẹ̀. Ẹ fi ìdá mẹ́wàá kún un torí èyí tó máa fọ́, ó di 3.3. Kò pọ̀! Ẹ sọ̀ kalẹ̀ láti orí táìlì olówó ńlá sí èyí tówó ẹ̀ mọ níwọ̀n, kẹ́ ẹ fi ìyàtọ̀ ẹ̀ ra wọ́ọ̀tàpúrúùfù. Owó yẹn kan náà ni, ipò ló yí padà. Ẹ̀yin ayálégbé, ẹ bá lánlọ́ọ̀dù kọ ọ́ sílẹ̀ kẹ́ ẹ tó fọ́ ohunkóhun: ta ló ń san kí ni, èló ni wọ́n máa yọ nínú owó ilé.

14/ Kẹ́ ẹ tó san owó tó kù fún wọn, ẹ da omi bọ́kẹ́ẹ̀tì kan sílẹ̀ lójú gbogbo wọn. Kí omi wá ọ̀nà ihò fúnra ẹ̀, láìsí ìgbálẹ̀. Tó bá dúró síbì kan, iṣẹ́ ò tíì parí, kódà kí táìlì máa dán bí òṣùpá.

Ẹ bá mi fi ránṣẹ́ sẹ́ni tó ń lọ ra táìlì lọ́sẹ̀ yìí.