Ìwé Ìgbanisíṣẹ́ Tí A Kì Í Kà



Nígbà púpọ̀ ni mo ti gbọ́ ọ nínú yàrá ìjẹun wa tí ẹnìkan ń wí pé, "Bí onílé-ìwé kan bá lé mi láìnídìí, kóòtù ni èmi àti rẹ̀ yóò ti pàdé." Ọ̀rọ̀ akọni ni. Ṣùgbọ́n ó yẹ kí a mọ ohun tí kóòtù lè fún ni kí a tó fi í halẹ̀.

Ará ilé wa kan ń kọ́ni ní ilé-ìwé aládàáni kan tí èmi kì yóò dárúkọ. Àdéhùn ọdún 2 ni wọ́n bá a ṣe. Nígbà tí ó lo oṣù 7, wọ́n fún un ní lẹ́tà ní ọjọ́ Ẹtì pé kí ó má ṣe padà wá ní ọjọ́ Ajé. Inú bí gbogbo wa, a ní kí ó pẹjọ́. Agbẹjọ́rò béèrè ìwé àdéhùn, nítorí ẹni tí ó pẹjọ́ ni yóò fi àdéhùn náà han adájọ́; ará ilé wa kò mọ ibi tí òun fi í sí. A wá a títí a fi rí i ní ìsàlẹ̀ àpótí aṣọ. Ní ojú-ewé kejì, ìlà kan wí pé ẹnikẹ́ni nínú àwọn méjèèjì lè fòpin sí iṣẹ́ náà pẹ̀lú ìkìlọ̀ oṣù 1, tàbí owó oṣù 1 dípò rẹ̀. Òun tìkára rẹ̀ ni ó fọwọ́ sí i. Bí kì í bá ṣe ti ìlà yẹn, owó oṣù 17 tí ó ṣẹ́kù ni ì bá máa béèrè.

Láti ìgbà pípẹ́ ni àwọn adájọ́ wa ti ń wí pé àwọn kì yóò fi agbára gbé òṣìṣẹ́ lé ọ̀gá tí kò fẹ́ ẹ lọ́wọ́. Bí a tilẹ̀ yọ ọ́ lọ́nà àìtọ́, owó ni yóò gbà, kì í ṣe àga rẹ̀. Ti ẹni tí òfin ìjọba dá ipò rẹ̀ sílẹ̀ yàtọ̀: ní 1985, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ dá Ọláníyan àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ padà sẹ́nu iṣẹ́ ní Yunifásítì Èkó, nítorí a kò tẹ̀lé òfin tí ó dá yunifásítì náà sílẹ̀ nígbà tí a yọ wọ́n. Ìṣirò kan náà ni olùkọ́ ìjọba àti olùkọ́ aládèéhùn ń kọ́ ọmọ. Èmi kò rí ìdí tí a fi ní láti gbọ́ tẹnu ọ̀kan kí a tó lé e, kí èkejì sì lọ láìgbọ́ ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀.

Ẹnìkan lè wí pé ọ̀gá náà ní òmìnira tirẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni, èmi kò sọ pé kí a má lé ẹnikẹ́ni. Ìdí nìkan ni mo ń béèrè. Inú mi sì dùn pé àwọn adájọ́ kan ní Ilé-ẹjọ́ Ọ̀rọ̀ Iṣẹ́ ti ń béèrè rẹ̀ lọ́wọ́ àwọn ọ̀gá, bí ẹnu gbogbo wọn kò tilẹ̀ tíì kò.

Ẹ̀yin olùkọ́ wa, ẹ jọ̀wọ́, ẹ yọ̀ǹda wákàtí kan fún wa ní sáà ìkẹyìn, kí a ka lẹ́tà ìgbanisíṣẹ́ gan-an, láti òkè dé ìsàlẹ̀. Ará ilé wa ti gbà láti yá wa ní tirẹ̀.