Géèmù Tí A Rà, Níbo Ló Wà?

Nígbà tí mo wà ní ọdún kejì, fóònù mi bọ́ sínú korobá omi, ó sì kú pátápátá. Ohun tó dùn mí jù ni Minecraft tó wà lórí rẹ̀. Owó tí mo rí níbi tí mo ti ń bá àwọn ọmọ kíláàsì wa tẹ iṣẹ́ àṣetiléwá ni mo fi rà á. Mo ti kọ́ ìlú kan síbẹ̀, tòun ti ọjà, afárá àti ilé alájà mẹ́rin. Mo gbà pé ìlú yẹn bá fóònù lọ, torí inú fóònù ni mo tọ́jú rẹ̀ sí. Ṣùgbọ́n géèmù fúnra rẹ̀ ńkọ́? Nígbà tí mo ra fóònù mìíràn, tí mo ṣí Play Store, wọ́n ní kí n san owó.

Bàbá mi wà nítòsí. Wọ́n ní, "Ṣebí o sọ pé o ti rà á?"

Mo ní, "Bẹ́ẹ̀ ni, sà."

Wọ́n ní, "Ta ló wá gbà á lọ́wọ́ rẹ?"

Mi ò rí èsì fún wọn lọ́jọ́ náà. Ìgbà tó yá ni mo wá mọ̀ pé kò sẹ́ni tó gbà á. Lọ́jọ́ tí mo ra fóònù àkọ́kọ́, ọmọkùnrin tó tà á fún mi ló bá mi ṣí ímeèlì, bí wọ́n ṣe máa ń ṣe fún ọ̀pọ̀ wa. Ó kọ orúkọ ímeèlì náà àti ọ̀rọ̀ ìwọlé rẹ̀ sára páálí, ó sì fi nọ́ńbà tirẹ̀ sí ibi tí wọ́n ti ní kí a fi nọ́ńbà sí. Mo ju páálí náà nù. Ímeèlì yẹn ni Play Store mọ̀, kò mọ èmi. Títí di òní, òun ló ni Minecraft tí mo fowó mi rà. Èmi ni mi ò ní kọ́kọ́rọ́.

Mo ti sọ ìtàn yìí fún àwọn akẹgbẹ́ mi nínú ẹ̀ka wa, ọ̀pọ̀ wọn ló sì ní irú rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí mo fi fẹ́ sọ ohun méjì. Àkọ́kọ́ ni ibi tí géèmù wa wà gan-an. Èkejì ni pé ọ̀rọ̀ náà "rà" tí a ń lò fún un kò bá a mu, ó sì yẹ kí ọ̀rọ̀ yẹn ká àwa tí a ń kọ́ ìmọ̀ ẹ̀dá-èdè lára ju ẹlòmíràn lọ.

Nígbà tí a wà lọ́mọdé, inú sídì ni géèmù PS2 wà. Bí PS2 bá bàjẹ́, ẹ máa gbé sídì lọ sí ilé ọ̀rẹ́ yín, eré á sì máa lọ. Ti ìsinsìnyí kò rí bẹ́ẹ̀. Ohun tó wà nínú fóònù tàbí kọ̀ǹpútà yín, ẹ̀dà kan lásán ni. Àkọsílẹ̀ tó ní ẹ ti sanwó wà lọ́dọ̀ ilé-iṣẹ́ tó tà á, lábẹ́ orúkọ àkáǹtì kan. Ẹni tó bá fẹ́ wá géèmù rẹ̀ rí, àkáǹtì ni kó kọ́kọ́ wá.

Lórí fóònù Android, ẹ ṣí Play Store, ẹ tẹ àwòrán ara yín lókè lápá ọ̀tún, ẹ wọ Manage apps & device, kí ẹ wá yan Manage. Ohun tó wà lórí fóònù nìkan ni wọ́n máa kọ́kọ́ fi hàn. Bí ẹ bá yí Installed padà sí Not installed, ẹ ó rí gbogbo ohun tí ímeèlì yẹn ti gbà rí. Bí ímeèlì yín bá ju ẹyọ kan lọ, ẹ yẹ̀ wọ́n wò lọ́kọ̀ọ̀kan. Lórí iPhone, abẹ́ àwòrán yín nínú App Store ni kí ẹ wò. Lórí kọ̀ǹpútà, Library ni Steam kọ sí i, orúkọ géèmù tí ẹ kò tíì dáńlóòdù sì máa ń ṣókùnkùn díẹ̀. PlayStation náà ní Game Library, Xbox ní Full library nínú My games & apps, Nintendo Switch náà sì ní tirẹ̀. Bí ẹ kò bá rántí ímeèlì tí ẹ lò, ẹ wá rìsíìtì nínú gbogbo ímeèlì tí ẹ ní, torí ibi tí rìsíìtì bá wà ni géèmù wà. Àwọn ilé wọ̀nyí kò sì já síra wọn. Géèmù tí ẹ rà lórí Steam kò sọ pé kí PlayStation mọ̀ yín.

Ẹ wo orúkọ tí púpọ̀ nínú wọn fún ibẹ̀: Library. Ẹni tó bá ti wọ ilé ìkàwé yunifásítì rí mọ̀ pé ìwé ibẹ̀ kì í ṣe tirẹ̀. A ń lò ó ni, bí àkókò bá sì tó, a ó dá a padà. Ní tèmi, wọn kò mọ̀ pé òótọ́ ni àwọn sọ nígbà tí wọ́n fún un lórúkọ yẹn. Ṣùgbọ́n bọ́tìnnì tí a tẹ̀ kí a tó dé Library ní Buy. Ìṣòro wà láàárín ọ̀rọ̀ méjèèjì yìí.

Òfin ti ń rí i. Ní ìpínlẹ̀ California ní Amẹ́ríkà, òfin kan bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ kìíní oṣù Kìíní ọdún 2025. Ó ní ẹni tó bá ń ta géèmù tàbí fíìmù lórí íntánẹ́ẹ̀tì kò gbọdọ̀ lo ọ̀rọ̀ bíi "rà" láìjẹ́ pé ó sọ ọ́ kedere fún oníbàárà pé àṣẹ ìlò ni ó ń gbà. Kí òfin náà tó bẹ̀rẹ̀, ní oṣù Kẹwàá ọdún 2024, Steam ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ọ́ síbi tí a ti ń sanwó pé àṣẹ ìlò ni owó wa ń rà. Òótọ́ yìí ti wà nínú àdéhùn wọn tipẹ́, àmọ́ ta ló ń ka àdéhùn?

Àpẹẹrẹ tó jẹ́ kí ọ̀rọ̀ yìí yé ọ̀pọ̀ ènìyàn ni The Crew, géèmù ọkọ̀ eléré sísá tí Ubisoft gbé jáde ní ọdún 2014. Bí ẹ bá tilẹ̀ ń dá eré náà ṣe, ó gbọ́dọ̀ bá sáfà ilé-iṣẹ́ náà sọ̀rọ̀. Ní ọjọ́ 31 oṣù Kẹta ọdún 2024, wọ́n pa sáfà náà. Nígbà tó yá, àwọn tó ti sanwó rí i pé wọ́n ti gba àṣẹ ìlò rẹ̀ kúrò nínú àkáǹtì àwọn. Àwọn tó ra sídì rẹ̀ pàápàá, sídì wà lọ́wọ́ wọn, eré ò ṣeé ṣe. Ìbínú yìí ló mú kí Ross Scott dá ìpolongo Stop Killing Games sílẹ̀. Ní ọdún 2025, ó lé ní mílíọ̀nù kan ènìyàn tó fọwọ́ sí ìwé ẹ̀bẹ̀ wọn sí Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù.

Ẹ jẹ́ ká wá padà sí èdè wa. Yorùbá kì í fi ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo pe gbogbo ọ̀nà tí ohun kan lè gbà dé ọwọ́ ènìyàn. Bí mo bá gba iyọ̀ lọ́wọ́ aládùúgbò, mo wín in ni, torí iyọ̀ mìíràn ni mo máa dá padà. Bí mo bá gba odó rẹ̀, mo yá a ni, torí odó yẹn gan-an ló máa padà sílé. Àwọn àgbà ṣì ń ya méjèèjì sọ́tọ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé "yá" ti fẹ́rẹ̀ẹ́ gba iṣẹ́ "wín" tán lẹ́nu àwa ọ̀dọ́. Àga tí a lò níbi ìnáwó, a háyà rẹ̀ ni. Ilẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kò lè bi wá léèrè mọ́, a rà á pa ni.

Ọ̀rọ̀ tó sún mọ́ ti géèmù jù lọ ni ìṣákọ́lẹ̀. Ẹni tó ń dáko lórí ilẹ̀ onílẹ̀ máa ń san ìṣákọ́lẹ̀, yálà iṣu, epo tàbí owó. Kò jẹ́ sọ pé òun ra ilẹ̀, kò sì lè tà á. Ṣùgbọ́n ní àṣà wa, bó bá ti ń san án, tí kò sì sẹ́ pé onílẹ̀ ló ni ilẹ̀, kò sẹ́ni tó máa ṣàdédé lé e kúrò. Bó bá kú, àwọn ọmọ rẹ̀ lè máa bá oko náà lọ. Ẹ wá fi èyí wé ti oní-géèmù. Owó gidi ló san. Kò lè tà á. Àdéhùn Steam kò gbà kí ó fi àkáǹtì rẹ̀ fún ẹlòmíràn. Bí ilé-iṣẹ́ bá sì pa sáfà, eré parí. Ẹni tó ń san ìṣákọ́lẹ̀ sàn jù ú lọ.

Ọ̀rẹ́ mi kan nínú kíláàsì ta ko ọ̀rọ̀ yìí. Ó ní, "Ṣebí a máa ń ra dátà, dátà sì máa ń parí lẹ́yìn ọgbọ̀n ọjọ́. Ìgbà wo lo ti kígbe pé a ò gbọdọ̀ sọ pé a rà á?" Ọ̀rọ̀ gidi ni. Mo ronú lé e lórí fún ọjọ́ mélòó kan. Òótọ́ ni pé "rà" ti fẹ̀ ju bó ṣe wà tẹ́lẹ̀ lọ. A ń ra tíkẹ́ẹ̀tì, a ń ra káàdì ìpè, a sì ń ra dátà. Ṣùgbọ́n nínú gbogbo wọn, olùrà àti òǹtajà jọ mọ ìgbà tó máa parí ni. Ẹni tó ra dátà ọgbọ̀n ọjọ́ mọ̀ pé ọgbọ̀n ọjọ́ ni. Ẹni tó sanwó eré kan ní ilé géèmù àdúgbò mọ̀ pé eré kan ni, bí wọ́n bá gba páàdì lọ́wọ́ rẹ̀, kò ní jà. Ti géèmù orí íntánẹ́ẹ̀tì ló yàtọ̀: òǹtajà mọ̀ pé ó lè parí, olùrà rò pé ti òun ni títí láé. Ọ̀rọ̀ kan náà, ìtumọ̀ méjì, ọ̀kan ṣoṣo nínú àwọn méjèèjì ló sì mọ̀.

Èmi kò sọ pé ká má ra géèmù orí íntánẹ́ẹ̀tì mọ́. Sídì máa ń họ, àwọn olè sì máa ń jí i. Àkáǹtì tí a tọ́jú dáadáa lè dá gbogbo géèmù yín padà sórí kọ̀ǹpútà tuntun. Nígbà tí wọ́n kó FIFA 23 kúrò lórí àtẹ ní ọdún 2023, àwọn tó ti rà á tẹ́lẹ̀ ṣì lè dáńlóòdù rẹ̀. Nígbà tí Google pa Stadia ní oṣù Kìíní ọdún 2023, ó dá owó géèmù padà fún àwọn tó rà á níbẹ̀. Ìsọ̀ tí wọ́n ń pè ní GOG tilẹ̀ ń jẹ́ kí ẹ gba fáìlì géèmù sílẹ̀, kí ẹ tọ́jú rẹ̀ síbi tó wù yín. Ìyẹn ni mo lè fi ẹnu mi pè ní rírà. Ṣùgbọ́n dídá owó padà, oore ni, kì í ṣe ẹ̀tọ́ tó wà nínú ọ̀rọ̀ tó wà lórí bọ́tìnnì. Ní ti àwa tí a wà níbí, dídáńlóòdù géèmù ńlá lẹ́ẹ̀kejì tún túmọ̀ sí kí a ra dátà lẹ́ẹ̀kejì.

Ibi tó ti kan ẹ̀ka wa nìyí. Lọ́jọ́ kan, àwọn ìsọ̀ wọ̀nyí máa sọ Yorùbá. Àwa tàbí àwọn tó ti jáde ṣáájú wa ni wọ́n máa pè láti túmọ̀ bọ́tìnnì. Ohun tó yá jù lọ ni ká kọ "Rà" síbẹ̀, ká gbowó wa. Bí a bá ṣe bẹ́ẹ̀, a ti kó irọ́ tí òfin California ń gbìyànjú láti tún ṣe wọ inú èdè wa. Àbá tèmi ni "Gba àṣẹ ìlò". Bí ó bá gùn jù, "Sanwó lò ó". Ká fi "Rà" pa mọ́ de ohun tí ẹnikẹ́ni kò lè gbà padà. Ẹni tó bá ní èyí tó dára ju tèmi lọ, kó kọ ọ́ ránṣẹ́ sí ìwé ìròyìn yìí, mo fẹ́ kà á.

Kí ọjọ́ yẹn tó dé, ẹ ṣe ohun kan lálẹ́ òní. Ẹ yẹ ímeèlì tó wà lórí fóònù yín wò, kí ẹ rí i pé nọ́ńbà tiyín ló wà níbẹ̀, kì í ṣe ti ẹni tó ta fóònù. Ẹ kọ orúkọ ímeèlì náà sínú ìwé tí ẹ kì í sọ nù. Bí ẹ bá ní àbúrò tàbí òbí tí ẹlòmíràn bá ṣí ímeèlì, ẹ bá wọn ṣe tiwọn pẹ̀lú.

Mo padà lọ wá ọmọkùnrin yẹn nígbà náà. Bàtà ni wọ́n ń tà ní ìsọ̀ rẹ̀ báyìí. Mo ṣí ímeèlì tuntun fúnra mi, mo sì san owó Minecraft lẹ́ẹ̀kejì. Bàbá mi rí mi nídìí rẹ̀, wọ́n ní, "O tún rà á?"

Mo ní, "Rárá, sà. Ìṣákọ́lẹ̀ ni mo san."